Níbo Ni Géèmù Bàbá Mi Wọlé Sí?

Mo sá fún ọkọ́ ní Ẹ̀rúnmu, ọkọ́ sì lọ jókòó dè mí nílùú òyìnbó. Àgbẹ̀ ni bàbá mi, ẹ̀gẹ́ àti àgbàdo ni wọ́n ń gbìn, láti kékeré ni mo sì ti ń sọ fún gbogbo ẹni tó bá fẹ́ gbọ́ pé iṣẹ́ tó ń kó ilẹ̀ sí èèyàn léèékánná kì í ṣe tèmi. Mo lọ sí ilé ẹ̀kọ́ gíga, mo kọ́ ìmọ̀ kọ̀ǹpútà. Orí pátákó ni wọ́n ti kọ́ wa ní èyí tó pọ̀ jù nínú ẹ̀, torí iná kì í sábà sí. Nígbà tó yá, mo sọdá òkun. Iṣẹ́ àkọ́kọ́ tí mo rí níbẹ̀ ni mo ṣì ń ṣe títí dòní: mo ń ṣa kárọ́ọ̀tì.

Ilé ńlá kan ni, tí wọ́n fi páànù kọ́, lẹ́yìn ìlú kékeré kan lápá òkè ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Kárọ́ọ̀tì á máa ṣàn bọ̀ lórí bẹ́líìtì bí omi odò, àwa á dúró lọ́tùn-ún lósì, a ó máa yọ èyí tó wọ́, èyí tó sán, àti èyí tó yọ ẹsẹ̀ méjì. Nígbà tí Bàbá bi mí pé iṣẹ́ wo ni mo ń ṣe, mo ní kuọ́líti kọ́ńtíróòlù. Irọ́ kọ́ o. Ṣùgbọ́n Bàbá gbé ọ̀rọ̀ náà lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì, ìjọ Aládùúrà tí wọ́n ti jẹ́ alàgbà, wọ́n sì dúpẹ́ lórí ẹ̀. Ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, ọmọ ìjọ kan pè mí pé kí n bá òun fi ọmọ òun sí iléeṣẹ́ wa. Mo ní kò sí àyè lọ́fíìsì. Òótọ́ nìyẹn náà, torí mi ò tíì wọ inú ọ́fíìsì náà rí.

Lọ́jọ́ àkọ́kọ́ mi níbẹ̀, ọ̀gá wa, obìnrin kan tó tó bí mi lọ́mọ, wá kí àwa tá a ṣẹ̀ṣẹ̀ dé. Kí n tó mọ̀, ara mi ti lọ sílẹ̀. Mo fẹ́ dọ̀bálẹ̀ ni, bẹ́líìtì ló dí mi lọ́wọ́. Obìnrin náà rò pé nǹkan kan ló já bọ́ lọ́wọ́ mi. Òun náà bẹ̀rẹ̀, ó ń wo ilẹ̀, ó ń bi mí pé kí ló sọnù. Ojú tì mí láti sọ òótọ́, mo ní bọ́tìnnì ẹ̀wù mi ni. Ó pe àwọn méjì míì, gbogbo wọn bá mi wá bọ́tìnnì tí kò sọnù. Títí di báyìí, ìgbà míì tó bá kọjá lọ́dọ̀ mi, á bi mí bóyá mo padà rí i.

Òtútù ò yà mí lẹ́nu, torí gbogbo èèyàn ti kìlọ̀ ẹ̀ fún mi. Ọ̀rọ̀ oòrùn ni kò sẹ́ni tó sọ fún mi. Nígbà òtútù, ìrọ̀lẹ́ ò tíì dé tí oòrùn á ti wọ̀. Mo sọ ọ́ fún Bàbá lórí fóònù, Bàbá sì bi mí bóyá wọ́n ti wá já wáyà oòrùn tiwọn ni, bí wọ́n ṣe máa ń já tiwa.

Yàrá kan ni mo háyà, ẹnìkan sì ń gbé lókè mi. Mo mọ ìgbà tó ń wẹ̀, mo mọ bó ṣe ń wúkọ́, mo mọ orin tó máa ń kọ tó bá ń fọ abọ́, ṣùgbọ́n tó bá dúró níwájú mi, mi ò lè dá a mọ̀. Ní àgbàlá wa ní Ẹ̀rúnmu, o ò lè ṣí ìkòkò kí ẹni méjì má tíì kọjá, wàá sì ní kí wọ́n wá jẹun, wọ́n á ní á gba ibi ire. Lọ́jọ́ kan nínú yàrá mi, mo ṣí ìkòkò, ẹnu mi sì sọ ọ́ fúnra ẹ̀: "Ẹ wá jẹun o." Mo dúró díẹ̀, àfi bí ẹni ń retí èsì. Ẹni òkè wúkọ́. Mo gbà á gẹ́gẹ́ bí "á gba ibi ire," mo sì jókòó jẹun.

Ọdún kejì mi níbẹ̀ ni Bàbá yọ̀ ṣubú lóko, wọ́n sì fi eegun ojúgun ṣẹ́. Wọ́n tò ó ní ọsibítù, ó ń jiná, ṣùgbọ́n dókítà ní Bàbá ò gbọdọ̀ lọ sóko fún ìgbà díẹ̀, ọ̀pá ni wọ́n sì fi ń rìn. Ìyá mi ti kú tipẹ́. Àǹtí Bísí, ọmọ ẹ̀gbọ́n Bàbá tó ń gbé ní Alákíà, ló máa ń gbé ọbẹ̀ wá lọ́jọọjọ́ Ìsinmi. Ohun tó bà mí lẹ́rù ni ohùn Bàbá. Tẹ́lẹ̀, tí mo bá pè wọ́n, wọ́n á ròyìn òjò fún mi bí ẹni ń ròyìn ọmọ: ibi tó ti bẹ̀rẹ̀, ibi tó dé, oko ta ni kò kàn. Ní báyìí, wọ́n á ní "A wà," wọ́n á dákẹ́, wọ́n á bi mí bóyá mo ti jẹun, ó parí.

Bàbá fẹ́ràn bọ́ọ̀lù. Gbọ̀ngàn tí wọ́n ti ń wo bọ́ọ̀lù lẹ́nu ọ̀nà ìlú ni wọ́n máa ń lọ kí ẹsẹ̀ tó ṣẹ́. Èmi wá rò ó, mo ní kí n ra ẹ̀rọ géèmù fún wọn, èyí tí èèyàn ń so mọ́ tẹlifíṣọ̀n, kí wọ́n lè máa gbá bọ́ọ̀lù níjòókòó. Ẹ má bi mí pé kí ló dé tí mi ò ra rédíò. Ìwà àwa ará òkè òkun ni. Tí ìdààmú bá ti dé bá wa, nǹkan tó ní wáyà la máa ń rà. Mo rí àlòkù tó dáa, ará ìlú wa kan tó ń lọ sílé sì bá mi gbé e lọ.

Ọ̀rẹ́ Bàbá, Ààfáà Ràjí, ló bá wọn tò ó. Láti kékeré ni wọ́n ti ń ṣọ̀rẹ́, oko wọn sì pààlà. Ààfáà ń kọ́ àwọn ọmọ ní kéwú, Bàbá ń gbàdúrà lórí òkè, kò sì sẹ́ni tó rí i rí kí wọ́n fi ẹ̀sìn jà. Lásìkò Ràmadáànì, Bàbá kì í jẹun lójú Ààfáà. Ààfáà ló ní fóònù ńlá. Nígbà tí ẹ̀rọ náà béèrè ímeèlì, Bàbá ò ní, ti Ààfáà ni wọ́n fi sí i. Ni mo bá ra géèmù bọ́ọ̀lù. Ayé ti yí padà, kì í ṣe àwo tí èèyàn ń ki bọ inú ẹ̀rọ mọ́. Káàdì ni wọ́n fún mi, tí mo họ lẹ́yìn bí káàdì owó fóònù, kóòdù sì wà níbẹ̀. Mo ka kóòdù náà fún wọn lórí fóònù, lẹ́tà kan tẹ̀ lé òmíràn, B bíi Bísí, K bíi Kọ́lá. Mo gbọ́ tí wọ́n jọ ń rẹ́rìn-ín. Wọ́n ní ẹ̀rọ náà ti gbà á, ó ti dúpẹ́ lọ́wọ́ àwọn, ṣùgbọ́n dátà ti tán, àwọn á bẹ̀rẹ̀ sí í gbá a tó bá di ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀.

Ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀ dé, ó kọjá. Nígbà tí mo pe Bàbá, mo bi wọ́n bóyá géèmù ń dùn.

"Géèmù wo?" ni Bàbá wí. "Kò sí nǹkan kan níbẹ̀."

Ọmọ tó kọ́ ìmọ̀ kọ̀ǹpútà wá dìde. Mo ní kí wọ́n pa á, kí wọ́n tún un tàn. Wọ́n ṣe bẹ́ẹ̀. Mo ní kí wọ́n yọ ọ́ lára iná, kí wọ́n sinmi díẹ̀, kí wọ́n tún kì í bọ iná. Wọ́n ṣe bẹ́ẹ̀. Ó yẹ kí n sọ pé èmi fúnra mi ò ní ẹ̀rọ géèmù, mi ò sì tíì fọwọ́ kàn án rí àfi lọ́jọ́ tí mo rà á. Àwòrán kan tí mo rí lórí ayélujára ni mo ń wò tí mo fi ń darí Bàbá. Mo ní kí wọ́n tẹ bọ́tìnnì aláwọ̀ ewé. Bàbá ní kò sí bọ́tìnnì aláwọ̀ ewé lára tàwọn. Mo ní ó wà níbẹ̀, kí wọ́n wò ó dáadáa.

"Ọmọ mi," ni Bàbá wí, "ẹsẹ̀ ni mo fi ṣẹ́, ojú mi ò fọ́."

Nígbà tí mo wo àwòrán náà dáadáa, ẹ̀rọ iléeṣẹ́ míì ni.

Bá a ṣe wà nìyẹn fún ọ̀pọ̀ ọjọ́. Mo ní nẹ́tíwọ́ọ̀kì ni, mo ní tẹlifíṣọ̀n ni. Mo ní kí wọ́n yí tẹlifíṣọ̀n padà kí wọ́n wo ẹ̀yìn ẹ̀, láìmọ ohun tí mo fẹ́ kí wọ́n rí níbẹ̀. Àǹtí Bísí gba fóònù lọ́wọ́ Bàbá lọ́jọ́ Ìsinmi kan, ó ní géèmù tèmi yìí jọ ọkọ òkè òkun, wọ́n á ní ó wà, ẹnìkan ò ní í fojú rí i. Lẹ́yìn náà ni Bàbá fi ohùn jẹ́jẹ́ bi mí bóyá àwọn tó ta káàdì náà fún mi ò lù mí ní jìbìtì, kí n má tijú láti sọ fún àwọn. Ohun tó dùn mí jù nìyẹn. Èmi tó yẹ kí n máa tu Bàbá nínú, Bàbá ló ń tù mí nínú lórí nǹkan tí mo rà láti fi tù wọ́n nínú.

Nínú irú ìpè bẹ́ẹ̀ ni mo ti sọ ohun tí mo sọ. Inú bọ́ọ̀sì ni mo wà, ariwo pọ̀, mo ní, "Bàbá, ẹ jẹ́ kí n délé ná, màá tún pè yín."

Bàbá dá mi dúró. "Ilé wo?"

Wọn ò fi ìbínú sọ ọ́. Wọ́n béèrè bí èèyàn ṣe ń béèrè ọ̀nà ni. Mo ní yàrá mi ni mo ń sọ. Wọ́n ní ẹn-ẹ́n, kí n délé kí n pe àwọn.

Ọ̀rọ̀ yẹn kò jẹ́ kí n sinmi. Ohun tí mo ní nínú yàrá náà ò ju ìkòkò méjì, bùláńkẹ́ẹ̀tì àti àga kan tí mo rí he lẹ́nu ọ̀nà ẹlòmíràn. Ẹnìkan ò mọ̀ mí lójúlé náà, tí mo bá sì kó kúrò lónìí, àfi ẹni òkè ni yóò mọ̀, òun náà á kàn rò pé ọbẹ̀ mi ò ta sánsán mọ́ ni. Síbẹ̀ ahọ́n mi ti pè é nílé. Ilé tí mo sì ní lódodo, tí mo mọ ihò gbogbo tó wà lára ògiri ẹ̀, tẹlifíṣọ̀n kan wà nínú ẹ̀ tí mi ò lè sọ ohun tó wà lójú ẹ̀. Mo rò ó títí pé bóyá ẹni tó wà nílé méjì, kò sí nínú ìkankan. Lẹ́yìn náà ni mo rántí pé mo ní iṣẹ́ lówùúrọ̀, mo sì sùn. Kárọ́ọ̀tì kì í dúró de onírònú.

Ìgbéraga ni kò jẹ́ kí n béèrè lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Ọkùnrin kan máa ń dúró lódì-kejì mi ní bẹ́líìtì, Dáníló lorúkọ ẹ̀, láti Filipíìnì ló ti wá. Láti ìgbà tí mo ti dé, gbogbo ọ̀rọ̀ tá a jọ ń sọ kò ju "òtútù yìí o" àti orí mímì. Mo ti gbọ́ tó ń sọ fún àwọn míì pé òun máa ń gbá géèmù. Lọ́jọ́ kan nígbà ìsinmi, mo jókòó tì í, mo sì là á sílẹ̀: bàbá mi wà nílé, ẹsẹ̀ wọn ṣẹ́, mo ra géèmù fún wọn, géèmù ti wọlé, mi ò mọ ibi tó wọlé sí. Mo rò pé á rẹ́rìn-ín. Kò rẹ́rìn-ín. Ó bi mí nípa ẹsẹ̀ náà kọ́kọ́, bó ṣe ń jiná, ta ló wà lọ́dọ̀ wọn. Ó ní kí n wá sílé òun lọ́jọ́ Sátidé.

Wọn kì í lọ sílé onílé lọ́wọ́ òfo. Mo mú báàgì kárọ́ọ̀tì kan dání, èyí tí wọ́n máa ń fún wa lọ́fẹ̀ẹ́ níbi iṣẹ́. Ìgbà tí mo kan ilẹ̀kùn tán ni mo rántí pé ibi iṣẹ́ kan náà la ti ń ṣiṣẹ́. Dáníló gbà á tọwọ́tọwọ́, ó dúpẹ́, ó sì gbé e lọ sí kíṣíìnì. Mo rí i láti ibi tí mo dúró: ó gbé e ka orí báàgì kárọ́ọ̀tì mẹ́ta.

A bọ́ bàtà sẹ́nu ọ̀nà. Ìyàwó ẹ̀ bu ìrẹsì fún mi kó tó bi mí lórúkọ. Láti ìgbà tí mo ti dé ìlú yẹn, ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí mo máa jókòó nínú ilé ẹlòmíràn. Mi ò mọ̀ pé ó ti ń dùn mí tó bẹ́ẹ̀ àfi ìgbà tí obìnrin náà tún bu ìrẹsì lé e láìbéèrè, tí mo wá ń wo ojú fèrèsé bí ẹni pé nǹkan wà níta.

Dáníló tan ẹ̀rọ tiẹ̀. Ó ní ohun tó ń ṣi àwọn èèyàn lọ́nà ni pé wọ́n máa ń rò pé tí kóòdù bá ti wọlé, géèmù ti dé nìyẹn. Kò rí bẹ́ẹ̀. Kóòdù kàn sọ ọ́ di tìẹ ni. Ìwọ lo máa lọ gbé e. Ó fi páàdì, ohun tí wọ́n fi ń darí géèmù, lọ sí apá ọ̀tún pátápátá lójú tẹlifíṣọ̀n, ibi tí wọ́n ń pè ní láíbìrì. Inú ẹ̀ pín sọ́nà méjì: ọ̀kan jẹ́ ti àwọn géèmù tó ti wà lórí ẹ̀rọ, èkejì jẹ́ ti gbogbo ohun tó jẹ́ tìẹ, yálà ó wà lórí ẹ̀rọ tàbí kò sí. Ó ní inú èkejì yìí ni géèmù bàbá mi á wà, àmì ọfà tó kọjú sílẹ̀ á wà lára ẹ̀, kí wọ́n tẹ̀ ẹ́, á sì máa bọ̀.

Mo pe Bàbá lójú ẹsẹ̀. Ohùn mi ti padà di ti ọ̀mọ̀wé. Mo ní kí wọ́n lọ sí apá ọ̀tún, wọ́n lọ. Wọ́n rí láíbìrì. Wọ́n wọ inú ẹ̀. Mo ní kí wọ́n ṣí èkejì, ibi gbogbo ohun tó jẹ́ tiwọn.

"Mo ti ṣí i," ni Bàbá wí. "Ó ṣófo. Wọ́n kọ ọ́ síbẹ̀ pé mi ò ní nǹkan kan."

Mo gbójú sókè. Dáníló ti rí ojú mi. Ó ní kí n bi wọ́n pé orúkọ ta ni wọ́n fi wọlé, torí orúkọ tó tẹ kóòdù ni géèmù ń tẹ̀ lé, kì í tẹ̀ lé ẹ̀rọ. Mo bi Bàbá. Bàbá ní orúkọ àwọn ni. Mo ní ṣebí ti Ààfáà la fi ṣe é lọ́jọ́ yẹn. Bàbá ní kí n fi ìyẹn sílẹ̀. Mo tún bi wọ́n.

"Mo ti ní kí Bísí yọ orúkọ ẹ̀ kúrò lójú tẹlifíṣọ̀n mi," ni wọ́n wí. "Ó fi tèmi sí i."

Bí mo ṣe mọ̀ nìyẹn pé Bàbá àti Ààfáà Ràjí ò bára wọn sọ̀rọ̀ mọ́. Gbogbo àkókò tí mo fi ń yí tẹlifíṣọ̀n sẹ́yìn sí iwájú, ìjà ti wà nílé, wọn ò fẹ́ kí n mọ̀. Nígbà tí òjò àkọ́kọ́ dé tí ẹsẹ̀ Bàbá ò tíì jiná, Ààfáà lọ bá baálẹ̀, ó ní kí wọ́n jẹ́ kí àgbẹ̀ kan tó wá láti Ìjàyè gbin àgbàdo sí oko Bàbá lọ́dún yìí, kí koríko má bàa gbà á. Ire ló rò. Ṣùgbọ́n kò sọ fún Bàbá. Ẹnìkan tó ń kọjá ló kí Bàbá kú ìsinmi, ó ní àgbàdo oko wọn ti ń yọ. Bàbá ránṣẹ́ sí Ààfáà pé kó má tẹ àgbàlá àwọn mọ́.

"Wọ́n pín oko mi," ni Bàbá sọ fún mi, "mo ṣì ń mí."

Dáníló ò gbọ́ Yorùbá, ṣùgbọ́n ó rọra pa tẹlifíṣọ̀n.

Lọ́jọ́ Ajé, mo pe Ààfáà láti inú ilé ìgbọ̀nsẹ̀ ibi iṣẹ́ wa, torí ibẹ̀ nìkan ni ariwo ẹ̀rọ ò dé. Mo kí wọn, mo bi wọ́n léèrè ara, mo wá fi ohùn àgbà sọ̀rọ̀, mo ń pòwe, mo ní bí ahọ́n àti eyín bá jà, wọ́n á tún rẹ́, ẹnìkan sì ń gbá ilẹ̀kùn pé kí n jáde. Ààfáà fara balẹ̀ gbọ́ gbogbo ẹ̀. Mo wá ṣàlàyé ọ̀rọ̀ géèmù.

"Ṣé lórúkọ mi ló wà?" ni wọ́n bi mí.

Mo ní orúkọ wọn ni.

Wọ́n rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín tí kò dùn. "Bàbá ẹ ní kí n kúrò nílé òun, ẹrù ẹ̀ sì wà lọ́wọ́ mi. Àmáànà nìyẹn. Mi ò lè jẹ àmáànà." Wọ́n ní àwọn á lọ sọ́dọ̀ Bàbá lọ́jọ́ Jímọ̀, lẹ́yìn ìrun, àwọn á tẹ ohun tó bá yẹ ní títẹ̀, àwọn á sì máa bá tàwọn lọ.

Lọ́jọ́ Jímọ̀ náà, Ààfáà pè mí kí wọ́n tó wọlé, wọ́n fi fóònù sórí ohùn gbangba. Mo dúró lẹ́bàá àpótí aṣọ níbi iṣẹ́, kárọ́ọ̀tì lápò mi. Mo gbọ́ tí Ààfáà ṣe sàláámù. Mo gbọ́ tí Bàbá fi ọ̀pá kan ilẹ̀. Lẹ́yìn ìyẹn ni Bàbá pè mí.

Wọ́n ní kí n sọ fún àlejò tó wọlé pé páàdì wà lórí tábìlì. Mo sọ fún Ààfáà pé páàdì wà lórí tábìlì. Ààfáà ní kí n sọ fún onílé pé kó sún ẹsẹ̀ díẹ̀, òun ò fẹ́ gbá a. Mo sọ fún Bàbá. Inú yàrá kan náà ni wọ́n wà, orúnkún wọn ń kanra. Èmi ni mo wà lódì-kejì òkun, tí mo ń gba páàdì lọ́wọ́ ọ̀kan fún èkejì. Ààfáà wọlé pẹ̀lú orúkọ ara wọn. Àǹtí Bísí ò tíì yọ ọ́ kúrò. Ó kàn fi ti Bàbá síwájú ni. Mo ní kí wọ́n lọ sí apá ọ̀tún pátápátá.

"Ó wà níbí," ni Ààfáà wí. Èmi kọ́ ni wọ́n ń bá sọ̀rọ̀.

"Níbo?" ni Bàbá wí.

"Wò ó. Èyí tí ọmọ yẹn ń gbá bọ́ọ̀lù."

"Kí ni ọfà yẹn?"

Láti ìgbà náà lọ, kò sẹ́ni tó rántí mi mọ́. Mo ń pariwo pé kí wọ́n tẹ ọfà, wọ́n ti tẹ̀ ẹ́. Mo dúró síbẹ̀ títí agogo ìsinmi fi lù, mo ń gbọ́ bí wọ́n ṣe ń bára wọn jiyàn lórí bí géèmù náà ṣe ń yára tó. Kò yára rárá. Nẹ́tíwọ́ọ̀kì Ẹ̀rúnmu ò lè gbé e. Ààfáà ní bó ṣe ń rìn yìí, àgbàdo á gbó kó tó dé. Wọ́n pinnu pé àwọn á gbé ẹ̀rọ náà lọ sílé Àǹtí Bísí ní Alákíà, ibi tí íńtánẹ́ẹ̀tì ti lágbára.

Ààfáà ló sọ bí ìrìn náà ṣe lọ fún mi. Wọ́n fi gèlè ìyá mi wé ẹ̀rọ náà, Ààfáà gbé e lé itan nínú takisí mííkírà, Bàbá sì di ọ̀pá mú. Wọn ò sọ̀rọ̀ títí ọkọ̀ fi kọjá Ẹgbẹ́dá. Ibẹ̀ ni Ààfáà ti sọ pé, "Mo ní o ò lè lọ sóko lọ́dún yìí. Mi ò sọ pé o ti tán."

Bàbá wo ojú fèrèsé. "Ó yẹ kó o kọ́kọ́ sọ fún mi."

"Ó yẹ," ni Ààfáà dá wọn lóhùn.

Kò jù bẹ́ẹ̀ lọ. Nígbà tí wọ́n dé Alákíà, Ààfáà na apá fún Bàbá láti fi sọ̀kalẹ̀, Bàbá sì dì í mú. Àǹtí Bísí ní òkìtì ìrẹsì àti ẹ̀wà ni àwọn méjèèjì jẹ kí géèmù náà tó parí wíwọlé, bàálù méjì sì ti balẹ̀ ní pápákọ̀ òfuurufú.

Ní báyìí, lẹ́yìn ìrun àsárì ni wọ́n máa ń gbá a. Ẹsẹ̀ Bàbá ti dáa sí i. Ìkórè ọdún yìí, àgbẹ̀ ará Ìjàyè fún wọn ní àgbàdo, Bàbá sì rojọ́ fún mi pé kò mọ àgbàdo gbìn, ó gbìn ín pọ̀ jù lójú kan. Ó pẹ́ tí mo ti gbọ́ kí wọ́n rojọ́ tó gùn bẹ́ẹ̀. Èmi àti Dáníló máa ń pàdé lọ́jọ́ Sátidé. Mi kì í mú kárọ́ọ̀tì lọ mọ́.

Ohun kan ṣì kù. Géèmù náà wà lórúkọ Ààfáà síbẹ̀, orúkọ Ààfáà ni wọ́n sì fi ń wọlé. Tí Bàbá bá gbá bọ́ọ̀lù wọlé, Ràjí ni ẹ̀rọ ń kọ. Ó dùn mí fún wọn. Mo bi Dáníló, ó kọ́ mi bí wọ́n ṣe ń ṣe é, bí Bàbá ṣe lè fi orúkọ ara wọn gbá a. Mo pe Bàbá lọ́jọ́ Ìsinmi, inú mi dùn, mo ní mo ti wá mọ̀ ọ́n wàyí, kí wọ́n jẹ́ ká tún un ṣe, kí góòlù wọn lè máa jẹ́ tiwọn.

Bàbá ò tiẹ̀ mójú kúrò lára tẹlifíṣọ̀n. Mo ń gbọ́ tí wọ́n ń tẹ páàdì.

"Fi sílẹ̀ bẹ́ẹ̀," ni wọ́n wí. "Àwa tá a wà níbí mọ ẹni tó gbá a wọlé."

Bọ́ọ̀sì mi ti dé, mo wọ̀ ọ́, mo jókòó sí ẹ̀gbẹ́ fèrèsé, fóònù sì wà létí mi. Nígbà tó yá, mo bi wọ́n pé mélòó sí mélòó ni.